Ẹ Bi Wá, Ẹ Gbọ́ Èsì: Orin Tó Wà Lábẹ́ Fíìmù

Nínú àwọn lẹ́tà tó wọlé lóṣù yìí, ọ̀rọ̀ orin fíìmù ló pọ̀ jù. Kì í ṣe orin gbajúmọ̀ olórin tí wọ́n rà tí wọ́n wá lẹ̀ mọ́ ìparí fíìmù là ń sọ o. Èyí tí ẹnì kan jókòó ṣe nítorí fíìmù kan ṣoṣo, tó ń lọ wẹ́rẹ́ lábẹ́ ọ̀rọ̀ àti àwòrán, ni wọ́n ń béèrè. A ti pa àwọn ìbéèrè tó jọra pọ̀ sójú kan, a sì ti yọ orúkọ kúrò.

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin olóòtú wa. Dùùrù ni mo ń tẹ̀ ní ṣọ́ọ̀ṣì, mo sì máa ń ṣe bíìtì fún àwọn ọmọ tó ń kọ tàkasúfèé ládùúgbò. Ẹnì kan bẹ̀ mí kí n ṣe orin sí dókúmẹ́ńtárì oníṣẹ́jú 52 tó ń ṣe nípa àwọn aládìírẹ. Ṣé iṣẹ́ kan náà ni? Níbo ni kí n ti mú un? — Atẹdùùrù, Abẹ́òkúta

Kì í ṣe iṣẹ́ kan náà. Nínú orin tí ẹ ń ṣe fún àwọn ọmọ yẹn, orin ni onílé. Nínú fíìmù, ẹnì kan ti ń sọ̀rọ̀ nínú ilé kí orin tó kan ilẹ̀kùn.

Kí ẹ tó fọwọ́ kan dùùrù, ẹ bi olùdarí bóyá wọ́n ti gé fíìmù náà tán. Picture lock ni àwọn oníṣẹ́ ń pè é: ọjọ́ tí ẹdítọ̀ bá sọ pé òun kò fi nǹkan kan kún un mọ́, òun kò sì yọ nǹkan kan kúrò. Bí ẹ bá wọn orin mọ́ fíìmù tí wọn kò tíì gé tán, tí wọ́n wá yọ ìṣẹ́jú-àáyá 4 kúrò ní ìṣẹ́jú kẹwàá, gbogbo orin tó wà lẹ́yìn ibẹ̀ ti yẹ̀ nìyẹn, ẹ ó sì tún un ṣe lọ́fẹ̀ẹ́. Ẹ lè ti máa wá ohùn tó bá aláró mu sílẹ̀ o. Wíwọ̀n ni kí ẹ dá dúró.

Lẹ́yìn náà, ẹ jókòó ti olùdarí. Ẹ kọ́kọ́ wo fíìmù náà láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin láìdá a dúró. Ní ẹ̀ẹ̀kejì, ẹ máa dá a dúró, kí ẹ máa kọ ohun mẹ́ta sílẹ̀: ibi tí orin ti wọlé, ibi tó ti jáde, àti ìdí tó fi wà níbẹ̀. Ohun kẹta yìí ni ọ̀pọ̀ ń fò. “Orin ìbànújẹ́” kì í ṣe ìdí. “Ìyá yìí ti mọ̀ pé kò sí ọmọ rẹ̀ tó máa kọ́ iṣẹ́ yìí, kò kàn fẹ́ sọ ọ́ jáde ni” ni ìdí. Bí ẹ bá ti ní irú gbólóhùn bẹ́ẹ̀, ẹ ó mọ̀ pé orin ẹkún kọ́ ló yẹ ibẹ̀. Bí ẹ kò bá sì rí gbólóhùn kankan kọ, ó ṣeé ṣe kí ibẹ̀ máà nílò orin rárá. Ẹ sọ bẹ́ẹ̀ fún olùdarí. Ìró ọwọ́ tó ń fọ aṣọ nínú aró lè dùn ju fèrè lọ.

Ẹ fún ẹyọ orin kọ̀ọ̀kan lórúkọ. Àṣà àwọn oníṣẹ́ ni 1M1, 1M2, 2M1: nọ́ḿbà iwájú ni apá fíìmù, M dúró fún orin, nọ́ḿbà ẹ̀yìn ni ipò rẹ̀ nínú apá yẹn. Ẹ má ṣe pe fáìlì ní “orin tuntun final final 2”, torí ẹni tó ń po ohùn pọ̀ kò ní mọ èwo ni kí òun mú.

Dókúmẹ́ńtárì oníṣẹ́jú 52 sábà máa ń gba orin tó tó ìṣẹ́jú 20 sí 30. Ẹnì kan ṣoṣo tó mọ iṣẹ́ rẹ̀ a máa parí ìṣẹ́jú 2 orin lóòjọ́. Ọjọ́ tó bá dára, ó lè di 3. Nítorí náà, ìṣẹ́jú 25 yóò gba nǹkan bí ọjọ́ 12, kí ẹ tó fi ọ̀sẹ̀ kan kún un fún àtúnṣe àti pípo ohùn. Bí wọ́n bá ní ọjọ́ 5 ni àwọn ní, ẹ ní kí wọ́n dín ìṣẹ́jú orin kù. Ẹ má ṣe dín oorun yín kù.

Ọ̀rọ̀ ìṣirò náà nìyí, torí dùùrù ṣọ́ọ̀ṣì kì í kọ́ni lẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀. Ká sọ pé ẹyọ orin bẹ̀rẹ̀ ní 10:04:12:00 lórí aago fíìmù (wákàtí, ìṣẹ́jú, ìṣẹ́jú-àáyá àti férémù, ìyẹn ẹyọ àwòrán kọ̀ọ̀kan), ẹ sì fẹ́ kí orin ro gìrì nígbà tí wọ́n bá ta aṣọ sórí okùn ní 10:04:35:00. Ìṣẹ́jú-àáyá 23 ló wà láàárín. Bí orin bá ń lọ ní bíìtì 120 ní ìṣẹ́jú kan, bíìtì kan gba ìdajì ìṣẹ́jú-àáyá, aṣọ yóò sì bọ́ sórí bíìtì 47, ìyẹn bíìtì kẹta nínú báà 12, bí bíìtì mẹ́rin bá wà nínú báà kan. Kò burú, àmọ́ kò lágbára. Bí ẹ bá fẹ́ kí ó bọ́ sórí bíìtì kìíní báà 13, bíìtì 48 ni yóò ti kọjá. Ẹ fi 48 lọ́po 60, kí ẹ pín in sí ọ̀nà 23. Ohun tí ẹ ó rí ni 125.2. Ẹ sún iyára orin síbẹ̀, ó parí. Ẹ má ṣe èyí sí gbogbo ibi tí nǹkan ti ṣẹlẹ̀ o. Fíìmù tí orin rẹ̀ ń fò ní gbogbo ìgbà tí ilẹ̀kùn bá gbá, eré ọmọdé ló máa ń jọ.

Ìwọlé rọrùn ju ìjáde lọ. Ẹ má jẹ́ kí orin wọlé lórí ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ ẹni tó ń sọ̀rọ̀; ibi tó ti mí kanlẹ̀ ni kí ẹ bá wọlé. Tí ẹ bá fẹ́ jáde, ẹ fi ariwo kan bo ìjáde náà: ọkọ̀ tó kọjá, òjò, ìró ìlẹ̀kẹ̀. Orin tó ká kúrò fúnra rẹ̀ láàárín ìdákẹ́jẹ́, gbogbo ènìyàn ló máa gbọ́ bó ṣe ń lọ.

Owó mi ò pọ̀. Irinṣẹ́ wo ni mo nílò? Ẹ̀kejì: mo fi orin ránṣẹ́ sí ẹdítọ̀ ní ẹ̀ẹ̀mejì, ó ní ó ń yẹ̀ lórí àwòrán, bẹ́ẹ̀ lórí kọ̀ǹpútà tèmi, ó ń bá a mu. — Ọ̀dọ́mọkùnrin kan, Òṣogbo

Irinṣẹ́ kò tó nǹkan tí ẹ lè máa fi sùn lébi. Kọ̀ǹpútà tí RAM rẹ̀ jẹ́ 16 GB, tí ó sì ní SSD. Kíbọ́ọ̀dù MIDI kékeré. Hẹ́dífóònù tó bo etí dáadáa, máìkì kan. Reaper jẹ́ ètò orin tí ẹ lè dán wò fún ọjọ́ 60, ìwé àṣẹ olówó kékeré rẹ̀ sì jẹ́ dọ́là 60. Ó ń ṣí fídíò, ó sì ń ka aago fíìmù. Ohun tí owó yẹ kó tún bá lọ ni bátìrì tí yóò gbé kọ̀ǹpútà ró bí iná bá lọ, kì í ṣe àkójọ ohùn fayolíìnì olówó ńlá. Bí ẹ bá fi ohun èlò gidi kan ṣoṣo, ìbáà jẹ́ ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀ tàbí gìtá, lé orí fayolíìnì inú kọ̀ǹpútà, etí olùgbọ́ yóò bá èyí tó jẹ́ gidi lọ. Ẹ gbé máìkì jìnnà sí ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀ tó mítà kan. Bó bá sún mọ́ ọn jù, ìró owó ẹyọ yóò máa gún etí.

Ti orin tó ń yẹ̀, ẹ bi ẹdítọ̀ ní ìbéèrè kan: báwo ló ṣe ń yẹ̀?

Bó bá yẹ̀ ní ìwọ̀n kan náà láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ibi tí wọ́n gbé e sí ni kò tọ̀nà. MP3 náà máa ń fi ìdákẹ́jẹ́ bíńtín kún iwájú orin. WAV, fáìlì ohùn tí a kò fún pọ̀, ni kí ẹ máa fi ránṣẹ́, kí ẹ sì kọ aago tí orin bẹ̀rẹ̀ sínú orúkọ fáìlì.

Bó bá bẹ̀rẹ̀ dáadáa, tó ń yẹ̀ díẹ̀díẹ̀, tí ohùn kò yí padà, iye férémù ló fà á. Fíìmù tí wọ́n yà fún tẹlifíṣọ̀n ní Nàìjíríà tàbí Bírítéènì sábà máa ń jẹ́ férémù 25 ní ìṣẹ́jú-àáyá kan. Ti sinimá jẹ́ 24. Ti Amẹ́ríkà sábà máa ń jẹ́ 23.976 tàbí 29.97. Ìyàtọ̀ tó wà láàárín 24 àti 23.976 dà bí ẹni pé kò tó nǹkan, àmọ́ ní wákàtí kan, ó ti di ìṣẹ́jú-àáyá 3.6. Ẹ jẹ́ kí wọ́n kọ iye férémù ránṣẹ́ sí yín. Ẹ má gba “bíi 24 ni”.

Bí orin bá ń sáré tí ohùn rẹ̀ sì lọ sókè, iye ìgbà tí kọ̀ǹpútà ń wọn ohùn ní ìṣẹ́jú-àáyá kan ni kò bára mu: 44,100 ni ẹ fi ṣe é, 48,000 ni wọ́n sì fi ń lù ú. Orin ìṣẹ́jú-àáyá 60 yóò parí ní 55, ohùn yóò sì gòkè tó eyín dùùrù kan ààbọ̀, bí a bá ka dúdú mọ́ funfun. Fíìmù kò mọ̀ ju 48,000 yìí (48 kHz) lọ. Ẹ ṣí iṣẹ́ yín sórí 48 kHz, 24 bit láti ọjọ́ kìíní.

Ohun tí yóò fòpin sí ìjà náà ni 2-pop: ìró “pìì” kan, 1 kHz, gígùn rẹ̀ kò ju férémù kan lọ, tí yóò dún ní ìṣẹ́jú-àáyá 2 gééré kí fíìmù tó bẹ̀rẹ̀. Ẹdítọ̀ ní tirẹ̀ lórí fídíò, ẹ̀yin náà ní tiyín lórí orin. Bí pìì méjèèjì bá papọ̀, gbogbo nǹkan ti bára mu.

Ẹ má sì fi orin kan gbáko nìkan ránṣẹ́. Ẹ tún pín in sí ọ̀nà mẹ́rin tàbí márùn-ún: ìlù lọ́tọ̀, báàsì lọ́tọ̀, dùùrù àti ohun èlò olókùn lọ́tọ̀, ohùn ènìyàn lọ́tọ̀. Ibì kan náà ni kí gbogbo wọn ti bẹ̀rẹ̀, kí gígùn wọn sì dọ́gba. Nígbà tí asọ̀tàn bá ń sọ̀rọ̀, ẹni tó ń po ohùn pọ̀ lè rẹ fèrè sílẹ̀ láìpa báàsì. Ẹ má ti ohùn orin pa mọ́ òkè kó lè pariwo. Ẹ fi àyè bíi 6 dB sílẹ̀. Ìwọ̀n ariwo −23 LUFS tí àwọn ilé tẹlifíṣọ̀n Yúróòpù ń béèrè, fíìmù lódindi ni wọ́n ń fi wọ̀n, kì í ṣe orin yín.

Mo fi dùndún sábẹ́ ohùn asọ̀tàn nínú dókúmẹ́ńtárì mi. Àwọn òyìnbó tó wò ó níbí fẹ́ràn rẹ̀. Nígbà tí mo gbé e dé Ìbàdàn, àwọn àgbà ní àwọn ò gbọ́ nǹkan tí asọ̀tàn ń sọ, wọ́n tún rẹ́rìn-ín níbi tí kò yẹ. Kí ló ṣẹlẹ̀? — Olùdarí fíìmù, Peckham, London

Ẹ̀yin fi ẹni méjì sọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà ni. Dùndún ń fọhùn. Òyìnbó gbọ́ ìlù. Ọmọ Yorùbá gbọ́ gbólóhùn, etí rẹ̀ sì ń sá tẹ̀lé e kó lè mọ̀ bóyá òwe ni tàbí oríkì ẹnì kan. Ká tilẹ̀ ní asọ̀tàn yín pariwo ju ìyáàlù lọ, wàhálà náà yóò wà síbẹ̀, torí ọ̀rọ̀ ń bá ọ̀rọ̀ jà. Ti ẹ̀rín yẹn, ẹ lọ bi onílù yín ohun tó fi ìlù sọ níbẹ̀. Onílù tí a kàn ní kó “máa lù ú lọ” nínú ilé ìgbohùnsílẹ̀ yóò máa sọ ohun tó bá wá sí i lọ́kàn, ó sì lè máa tọrọ owó lọ́wọ́ olóòkú nínú fíìmù yín.

Àtúnṣe rẹ̀ kò ṣòro. Ẹ jẹ́ kí onílù sọ gbogbo ohun tó fẹ́ fi ìlù wí fún yín lẹ́nu, kí ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ pẹ̀lú àmì ohùn, kí ẹ fọwọ́ sí i kó tó lu ú. Ẹ wá ṣí àyè fún ìyáàlù láàárín ọ̀rọ̀ asọ̀tàn: asọ̀tàn dákẹ́ fún ìṣẹ́jú-àáyá 6, ìlù fèsì, asọ̀tàn padà dé. Lábẹ́ ọ̀rọ̀ gan-an, ohun èlò tí kì í sọ gbólóhùn ni kí ẹ lò: gúdúgúdú, agogo, tàbí ṣẹ̀kẹ̀rẹ̀.

Ẹ tún wo ìlù tí ẹ gbé sí ibi tí ẹ gbé e sí. Bàtá ní i ṣe pẹ̀lú Ṣàngó àti eégún, ìgbìn jẹ́ ti Ọbàtálá, ìpèsè jẹ́ ti Ifá, àgẹ̀rẹ̀ jẹ́ ti ọdẹ àti Ògún, gbẹ̀du jẹ́ ti ọba. Ẹni tó fi ìgbìn sábẹ́ àwòrán ọdẹ tó ń lọ sígbó, ó ti ṣi ilé yà. Bí fíìmù yín bá dé Cuba, ẹ rántí pé bàtá tí wọ́n ti fi Àyàn sínú rẹ̀, tí wọ́n ń pè ní añá, kì í ṣe ohun tí a kàn ń gbé máìkì sí. Èyí tí wọn kò yà sí mímọ́, aberikulá, ni wọ́n fi ń ṣeré níta. Ní Brazil, ìlù mẹ́ta ẹ̀sìn òrìṣà Candomblé, rum, rumpi àti lé, ní ojúbọ tiwọn. Ẹ béèrè kí ẹ tó gbohùn wọn sílẹ̀.

Ẹ jẹ́ ká fi ọ̀rọ̀ orin tó ní ẹnu kún un, torí ó jọ èyí. Tí ẹ bá ń ṣe orin sí ọ̀rọ̀ Yorùbá, ohùn orin gbọ́dọ̀ tẹ̀lé ohùn ọ̀rọ̀. “Ọkọ mi ti lọ”: bí orin bá gòkè lórí “kọ”, ọkọ́ obìnrin náà ló sọnù, ìyẹn tí wọ́n fi ń roko, bí ó bá wálẹ̀, ọkọ̀ ló já a sílẹ̀ ní gáréèjì. Olórin tó gbọ́n a máa ka ọ̀rọ̀ náà sókè lẹ́ẹ̀mẹ́wàá kó tó wá ohùn sí i.

Ó kù díẹ̀ kí a gbàgbé. Orin ìbẹ̀rẹ̀ fíìmù tó ń sọ fún wa pé ìyàwó kékeré ló máa pa bàálé ilé, kí a tó rí ìyàwó kékeré náà: ẹ jọ̀ọ́, ó ti tó.

Olùdarí ti fi orin ará Amẹ́ríkà kan sínú fíìmù nígbà tó ń gé e. Ní báyìí, orin yẹn gan-an ló fẹ́. Gbogbo èyí tí mo ṣe, ó ní kò jọ ọ́. — Arábìnrin kan, Ìlọrin

Temp ni wọ́n ń pè é, orin adèlé. Ó ti gbọ́ ọ tó igba ìgbà, ó ti di ara àwòrán lójú rẹ̀. Ẹ má bá a jà. Ẹ bi í pé: iyára rẹ̀ lo fẹ́ràn ni, àbí bó ṣe wà nísàlẹ̀, àbí bó ṣe dákẹ́ kí obìnrin náà tó sọ̀rọ̀? Lọ́pọ̀ ìgbà, ohun kan péré ló ń wá nínú orin náà. Ẹ mú ohun kan yẹn, kí ẹ fi ohun èlò mìíràn ṣe é. Nígbà mìíràn tí ẹ bá sì gba iṣẹ́, ẹ bẹ̀ wọ́n kí wọ́n fi fídíò tí kò ní adèlé ránṣẹ́, tàbí kí adèlé wà ní apá òsì nìkan kí ẹ lè pa á.

Dídà ohùn rẹ̀ kọ ni kí ẹ sá fún. Nínú ìwé àdéhùn, ẹ ó rí gbólóhùn kan tó sọ pé ẹ̀yin ló dá orin náà, àti pé bí ẹnikẹ́ni bá pejọ́, ẹ̀yin ni ẹ ó san án. Olùdarí tó ní “ẹ ṣe é kó jọ ọ́ gan-an” kò ní tẹ̀ lé yín lọ sí kóòtù.

Ẹ fi àpẹẹrẹ kúkúrú méjì hàn án ní ọjọ́ kẹta. Ẹ má dúró di ogúnjọ́. Kí ẹ sì kọ ọ́ sínú àdéhùn pé àtúnṣe ẹ̀ẹ̀mejì ló wà nínú owó tí ẹ gbà. Ẹ̀ẹ̀kẹta ní owó tirẹ̀.

Eélòó ni kí n pè? Wọ́n ní mílíọ̀nù kan náírà ni gbogbo owó orin, wọ́n sì ní “tí fíìmù bá jáde, a ó san”. — Onígìtá, Ìkẹjà

Ẹ kọ́kọ́ tú mílíọ̀nù náà wò. Àpẹẹrẹ lásán ni iye tí a fẹ́ lò yìí. Ẹ fi iye tó ń lọ ní ọ̀dọ̀ yín rọ́pò rẹ̀. Onílù àti afọnfèrè mẹ́rin, ₦60,000 ẹnì kọ̀ọ̀kan: ₦240,000. Ilé ìgbohùnsílẹ̀ fún ọjọ́ 2: ₦120,000. Ẹni tó máa po orin pọ̀: ₦150,000. Epo jẹnẹrétọ̀, dátà, ọkọ̀: ₦60,000. Ohun tó kù ni ₦430,000. Bí iṣẹ́ náà bá gbà yín ní ọjọ́ 20, ₦21,500 lóòjọ́ ni ẹ rí. Bóyá ó tó yín, bóyá kò tó, àmọ́ ẹ ti mọ̀ ọ́n kí ẹ tó fọwọ́ síwèé. Ẹni tó gbọ́ “mílíọ̀nù kan” tó dìde jó, onílù ni yóò kó o lọ.

“Tí fíìmù bá jáde” kì í ṣe ọjọ́. Ọ̀pọ̀ fíìmù kì í jáde rárá. Ẹ gba ìdá 40 nínú ọgọ́rùn-ún lọ́jọ́ ìwé, ìdá 40 nígbà tí wọ́n bá gbọ́ gbogbo orin pọ̀ lẹ́ẹ̀kíní, ìdá 20 kí WAV tó kúrò lọ́wọ́ yín. Kí ìyẹn tó dé, MP3 ni kí wọ́n máa fi wò.

Ohun tó tún ṣe pàtàkì ju iye lọ ni ẹni tó ni orin. Ọ̀nà méjì ló wà. Ẹ lè fún wọn láṣẹ láti lo orin nínú fíìmù yìí, níbi gbogbo láyé, títí ayé, kí orin ṣì jẹ́ tiyín. Ẹ sì lè tà á pátápátá. Òfin Kópíráìtì ti Nàìjíríà, ti 2022, sọ pé títà bẹ́ẹ̀ gbọ́dọ̀ wà nínú ìwé, ẹ̀tọ́ náà sì ń wà títí di ọdún 70 lẹ́yìn ikú ẹni tó kọ orin. Ẹ fojú wo iye ọdún tí ẹ ń tà. Fún fíìmù tí owó rẹ̀ kéré, ọ̀nà àkọ́kọ́ ló tọ́: owó yín kéré, ṣùgbọ́n orin wà lọ́wọ́ yín. Bí wọ́n bá fẹ́ gbogbo rẹ̀, kí owó náà fi hàn bẹ́ẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí onílù àti akọrin yín náà fọwọ́ sí ìwé pélébé kan lọ́jọ́ tí wọ́n gba owó, pé wọ́n fàyè gba lílo ohùn wọn nínú fíìmù náà. Ilé tẹlifíṣọ̀n yóò béèrè rẹ̀ lọ́jọ́ kan, ìgbà yẹn gan-an ni onílù máa ti pààrọ̀ nọ́ḿbà fóònù.

Fíìmù tí mo ṣe orin rẹ̀ ti jáde lórí tẹlifíṣọ̀n ní ìlú mẹ́ta. Kò sí kọ́bọ̀ kan tó tún wọlé. Ta ló jẹ mí? — Olórin, Manchester

Ó ṣeé ṣe kí ẹnikẹ́ni má tíì mọ̀ pé ẹ̀yin lẹ kọ ọ́. Owó ìgbéjáde, ẹgbẹ́ tó ń gba owó ẹ̀tọ́ ló máa ń gbà á lọ́wọ́ ilé tẹlifíṣọ̀n: PRS ní Bírítéènì, ASCAP tàbí BMI ní Amẹ́ríkà, MCSN ní Nàìjíríà, BUBEDRA ní Benin, BUTODRA ní Togo. Ẹ wọ ọ̀kan. Ẹ má fi ẹ̀tọ́ kan náà sọ́wọ́ ẹgbẹ́ méjì. Ohun tí ẹgbẹ́ náà ń kà ni cue sheet, ìwé tí wọ́n to gbogbo orin inú fíìmù sí: orúkọ ẹyọ orin, ẹni tó kọ ọ́, nọ́ḿbà IPI rẹ̀ (èyí tí àwọn ẹgbẹ́ fi ń dá olórin mọ̀), ìpín kálukú, bóyá abẹ́ ọ̀rọ̀ ló wà tàbí ènìyàn rí ẹni tó ń lù ú, àti gígùn rẹ̀ ní ìṣẹ́jú àti ìṣẹ́jú-àáyá. Aṣefíìmù ló yẹ kó fi ránṣẹ́. Lójú wa, ẹ̀yin ni kí ẹ kọ ọ́, torí ẹ̀yin nìkan lẹ mọ̀ ọ́n. Ẹ fún un, kí ẹ sì fi ẹ̀dà kan ránṣẹ́ sí ẹgbẹ́ yín. Lẹ́yìn náà, ẹ ní sùúrù: owó láti ìlú mìíràn lè ju ọdún kan lọ kó tó dé.

Sinimá Amẹ́ríkà ní tirẹ̀ kì í san owó yìí fún orin inú fíìmù, láti ìgbà tí kóòtù ti dá ẹjọ́ Alden-Rochelle àti ASCAP ní 1948. Nítorí náà, bí ẹnì kan bá ní “ẹ gba owó kékeré, ẹ ó jẹ̀gbádùn rẹ̀ ní sinimá níbẹ̀”, ẹ mọ̀ pé irọ́ ni.

Ẹ ṣọ́ra fún YouTube. Bí ẹ bá fi orin náà sórí ètò ìpínkiri tó ń lo Content ID (ọ̀nà tí YouTube fi ń dá orin tó ní ẹni tó ni ín mọ̀ nínú fídíò), YouTube yóò gbá fíìmù oníbàárà yín mú gẹ́gẹ́ bí olè, owó ìpolówó rẹ̀ yóò sì yà kúrò lọ́nà. Ẹ kọ́kọ́ yọ ìkànnì rẹ̀ sọ́tọ̀, tàbí kí ẹ má fọwọ́ sí Content ID rárá.

Ìyá àgbà kan kọ orin ìgbéyàwó fún wa níwájú kámẹ́rà. Mo fẹ́ lo ohùn orin náà káàkiri fíìmù. Ṣé ọ̀fẹ́ ni? — Aṣefíìmù, Kétu, Benin

Òfin ìlú yín ni kí ẹ bi BUBEDRA. Bí fíìmù náà bá wọ Nàìjíríà, òfin ibẹ̀ ń dáàbò bo orin ìbílẹ̀: bí ẹ bá fẹ́ lò ó fún òwò níta àyíká tirẹ̀, àṣẹ wà lọ́wọ́ Nigerian Copyright Commission, ẹ sì gbọ́dọ̀ dárúkọ ìlú tó ti wá. Wọ́n fàyè gba kí ènìyàn yá nínú rẹ̀ láti fi dá iṣẹ́ tuntun. Ohùn ìyá náà fúnra rẹ̀ jẹ́ ọ̀tọ̀, tirẹ̀ ni. Kí ó fọwọ́ síwèé ní èdè tó gbọ́, kí ẹ sì san owó fún un lọ́jọ́ náà.

Báwo ni mo ṣe máa rí iṣẹ́ àkọ́kọ́? — Akẹ́kọ̀ọ́, Ilé-Ifẹ̀

Lọ́wọ́ akẹ́kọ̀ọ́ bíi tìrẹ. Àwọn tó ń kọ́ṣẹ́ fíìmù ní National Film Institute, Jos, àti ní àwọn yunifásítì ń ṣe fíìmù oníṣẹ́jú 10 lọ́dọọdún, wọn kò sì ní ẹni tó máa ṣe orin rẹ̀. Ṣe mẹ́ta. Lọ sí iREP ní Èkó, níbi tí àwọn oní-dókúmẹ́ńtárì ti ń péjọ. Má pín káàdì kiri, wo fíìmù wọn kí o sì bá wọn sọ ohun tí o rí nínú rẹ̀.

Àkójọ iṣẹ́ rẹ kò gbọdọ̀ ju ìṣẹ́jú 3 lọ: ègé mẹ́rin, ìṣẹ́jú-àáyá 45 ọ̀kọ̀ọ̀kan, èyí tó dára jù níwájú. Kí gbogbo wọn wà pẹ̀lú àwòrán, kí ọ̀rọ̀ sì wà nínú méjì ó kéré tán, torí ohun tí olùdarí fẹ́ gbọ́ ni bí o ṣe ń ṣe nígbà tí ẹlòmíràn bá ń sọ̀rọ̀. Má fi fáìlì ńlá há àpótí lẹ́tà wọn. Líǹkì kan tí kò béèrè pásíwọọ̀dù ti tó.